Abọ́ Màmá Ṣakí Tí Kì í Padà Lófìfo

Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tàn yín pé ẹni ọgọ́rùn-ún ọdún ni ìyá àgbà mi nígbà tí wọ́n kú. Wọ́n jù bẹ́ẹ̀ lọ. Màmá fúnra wọn sọ fún mi pé àwọn ti ń rá kòrò kí wọ́n tó bí òkè tó wà lẹ́yìn ilé wọn ní Ṣakí, àti pé àwọn jẹ nínú ẹran ìkómọ òkè náà. Mo sọ ọ́ fún àwọn tó wá kí mi kú àfẹ́kù ní mọ́ṣáláṣí, wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n ní, "Uncle Àkànní tún ti bẹ̀rẹ̀." Kí ni mo bẹ̀rẹ̀? Ọmọ-ọmọ ni mo jẹ́ sí Màmá, orí tèmi náà sì ti funfun bí òwú. Ẹ fúnra yín ṣírò rẹ̀.

Mi ò ní ka ìtàn ayé wọn láti ìkómọ dé ìsìnkú fún yín. Ìwé tí mo kà kò tó ìyẹn. Bó bá ṣe ń bọ́ sí mi lọ́kàn ni n ó ṣe máa kọ ọ́.

Èmi ni mo mú Màmá wá sí Atlanta nígbà tí kò sẹ́ni tó lè tọ́jú wọn nílé mọ́. Lójú ọ̀run, ọkọ̀ òfuurufú bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n jìnnìjìnnì. Àwọn kan ń pe Jésù, àwọn kan ń pe Ànábì. Màmá fi àtẹ́lẹwọ́ gbá ògiri ọkọ̀ náà, wọ́n ní, "Ìwọ, ta ló ń bá ọ jà?" Ọkọ̀ dákẹ́ jẹ́ẹ́. Awakọ̀ jáde wá, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja láàárín àwọn àga. Bí ẹ ò bá gbà mí gbọ́, ẹ bi Màmá. Háà, ẹ ò lè bi wọ́n mọ́.

Nígbàkigbà tí mo bá ń sọ ìtàn yìí fún àlejò, Màmá á kàn mi orí níbi tí wọ́n jókòó sí, wọ́n á ní, "Irọ́ rẹ dùn, Àkànní, ṣùgbọ́n kì í yóni."

Ìwà kan wà lára Màmá tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ fi sọ́kàn. Wọn kì í sọ fún ẹnikẹ́ni pé nǹkan ò dáa. Ní ọdún tí yìnyín bo parking lot ilé wa ní Lilburn, létí Atlanta, Màmá yọ̀ ṣubú, ẹsẹ̀ wọn sì ká sẹ́yìn bí ìkọ́. Ọkùnrin tó bá ambulance wá kúnlẹ̀ tì wọ́n. "Mama, where does it hurt?" Mo túmọ̀ rẹ̀. Màmá wo ọmọ òyìnbó náà tàánútàánú.

"Sọ fún un pé a dúpẹ́. Bi í léèrè àwọn ará ilé rẹ̀."

Egungun itan ti ṣẹ́ o! Mo bi ọkùnrin náà léèrè. Ó ní wọ́n wà dáadáa. Màmá ní, "Ó kúkú ṣeun." Inú ọkọ̀ ni wọ́n dákú sí.

Nígbà tí wọ́n jí ní ọsibítù, mo bá wọn jà. Mo ní oníṣègùn kì í ṣe àlejò, pé ẹni tó bá fi àrùn pa mọ́, àrùn náà ló ń bọ́. Màmá ní kí n gbé etí mi wá. "Ẹni tó bá ń ka ìrora rẹ̀ fún ará ìta, ilé baba rẹ̀ ló ń tà."

Ìwà yìí kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ìyá mi ló sọ èyí fún mi, ìyá mi kì í sì í purọ́. Mi ò mọ ibi tí èmi ti jogún rẹ̀. Bàbá wa àgbà lọ ṣòwò ní Kumasi, ó fẹ́ ìyàwó síbẹ̀, ó gbàgbé ilé. Kò fi owó oúnjẹ ránṣẹ́ sí Màmá àti àwọn ọmọ. Bó bá di ìrọ̀lẹ́, Màmá á gbé odó síta, wọ́n á da èèpo iṣu gbígbẹ sínú rẹ̀, wọ́n á máa gún un kíkan kíkan, kí agboolé lè gbọ́ pé ilé àwọn náà ń gúnyán. Àwọn ọmọ á jókòó yí odó náà ká, wọ́n á máa gbọ́ ìró iyán tí wọn ò ní jẹ.

Nígbà tí Bàbá wá ṣe Iléyá, àwọn àgbà ẹbí pe ìpàdé. Kò sẹ́ni tí kò mọ òótọ́ ní agboolé náà, ẹnu Màmá nìkan ni wọ́n ń dúró dè, kí wọ́n lè fi mú Bàbá. Wọ́n ní, "Ìyàwó, ṣé ọkọ rẹ ń tọ́jú yín?" Màmá kúnlẹ̀. "A dúpẹ́, ẹ̀yin bàbá. Ó ń ṣe dáadáa." Kí ni àwọn àgbà tún fẹ́ sọ? Bàbá jẹ ẹran Iléyá tán, ó padà sí Kumasi.

Èmi náà bi Màmá léèrè nígbà tí mo dàgbà, pé kí ló dé. Wọ́n ní, "Ṣé kí n bọ́ra sí ìhòòhò lójú ọjà, kí wọ́n lè rí i pé mo légbò?"

Ẹni tó ń gbé lókè wa ní Lilburn ni obìnrin ará Íńdíà kan, òun àti ọmọ rẹ̀ kékeré, Mínà. Ìyá Mínà ni Màmá ń pè é. Wọ́n ní orúkọ tó kù, ti ilé ìwé ni. Ọkọ rẹ̀ ti padà sí Íńdíà, ó ní òun fẹ́ lọ wo ìyá òun tí ara rẹ̀ kò yá. Ohun tó kàn ti ibẹ̀ wá ni pé ó ti gba kọ́ọ̀tù lọ, ó fẹ́ kọ aya rẹ̀. Obìnrin náà ń ṣe shift kékeré ní ṣọ́ọ̀bù kan ní òpópónà wa, gbogbo owó rẹ̀ ń bá rent lọ. Bó bá lọ síbi iṣẹ́, ọ̀dọ̀ Màmá ni Mínà ń wà. Màmá kọ́ ọmọ náà ní ìkúnlẹ̀. Wọ́n kọ́ ọ pé bí àgbàlagbà bá béèrè pé ṣé dáadáa ni, ìdáhùn kan ló wà: kúnlẹ̀, kí o sọ pé, "A dúpẹ́." Ọmọ náà mọ̀ ọ́n ṣe ju àwọn ọmọ Yorùbá Atlanta lọ.

Ìjà ni ọ̀rẹ́ Màmá àti Ìyá Mínà fi bẹ̀rẹ̀. Màmá fi mọ́ínmọ́ín ránṣẹ́ sókè nínú abọ́ tánganran wọn tó ní òdòdó pupa nídìí. Kò pẹ́, obìnrin náà sọ̀ kalẹ̀, ó ń na ìka sí ẹyin.

"No egg, Mama. No fish. My God does not like."

"Ọlọ́run wo? Ta ló wá dá adìẹ?"

"No egg, Mama!"

"Bí mo bá yọ ẹyin, tí mo yọ ẹja, kí ló kù? Ẹ̀wà lásán! Ṣé ẹlẹ́wọ̀n ni ọ́?"

Èkíní kò gbọ́ èdè èkejì, ṣùgbọ́n wọ́n jà débi pé pákó àtẹ̀gùn bẹ̀rẹ̀ sí í rú èéfín. Ní ọjọ́ jímọ̀ tó tẹ̀ lé e, mo bá Màmá nídìí iná, wọ́n ń se mọ́ínmọ́ín lọ́tọ̀, láìsí ẹyin, láìsí ẹja, láìsí edé. Mo wò wọ́n. Wọ́n ní, "Kí lò ń wò? Ahọ́n rẹ̀ ló yàtọ̀, ikùn rẹ̀ kò yàtọ̀."

Láti ọjọ́ náà ni abọ́ olódòdó yẹn ti ń gun òkè, tó ń sọ̀ kalẹ̀. Nílé baba Màmá, wọn kì í dá abọ́ ẹni padà lófìfo. Nílé baba Ìyá Mínà náà, bẹ́ẹ̀ ló rí. Mọ́ínmọ́ín gòkè, ìrẹsì àti ẹ̀wà olóòórùn dídùn sọ̀ kalẹ̀. Èkuru gòkè, àkàrà tiwọn tó ta bí iná sọ̀ kalẹ̀. Ìgbà tí ọkọ náà wá dẹ́kun fífi nǹkan ránṣẹ́ pátápátá, abọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í fúyẹ́. Ọ̀dùnkún bíbọ̀ kan wà níbẹ̀. Lẹ́yìn náà, ọsàn kékeré kan. Ní ọjọ́ kan, Mínà gbé e wá, ohun tó wà nínú rẹ̀ kò ju iyọ̀ díẹ̀ tí wọ́n wé sínú bébà lọ.

Màmá tú bébà náà. Wọ́n wo iyọ̀ yẹn títí. Wọ́n ní, "Àkànní, obìnrin yìí ń gún odó."

Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń se ìlọ́po méjì, wọ́n á ní kí n sọ fún un pé ó ṣẹ́kù ni, kó jọ̀ọ́ kó bá àwọn jẹ ẹ́ kó má bàa bàjẹ́.

Lọ́yà Ìyá Mínà wà ní Íńdíà, obìnrin ni. Lórí fóònù ló ti ṣàlàyé ọ̀rọ̀ náà fún wa. Ó ní nínú òfin ẹbí àwọn Híńdù, aya tí kò ní ohun tó tó gbọ́ bùkátà lè bẹ kọ́ọ̀tù pé kí ọkọ máa bọ́ òun níwọ̀n ìgbà tí ẹjọ́ ṣì ń lọ, ẹ̀tọ́ ọmọ sì wà lọ́tọ̀. Ṣùgbọ́n ọkọ ti sọ fún adájọ́ pé Amẹ́ríkà ni ìyàwó òun wà, pé ó ń jẹ, ó ń mu, kò ṣaláìní ohunkóhun. Wọ́n nílò ẹlẹ́rìí tó ń rí i lójoojúmọ́. Ta ló ń rí i lójoojúmọ́, bí kò ṣe Màmá?

Mo túmọ̀ rẹ̀ fún Màmá.

"Bí ọkọ bá kọ̀ ńkọ́?"

"Adájọ́ á fi dandan mú un, Màmá."

"Dandan?" Wọ́n rọra tún ọ̀rọ̀ náà sọ lẹ́nu. "Irú ẹ̀ wà láyé?"

Wọn ò rí ẹni tó gbọ́ Yorùbá ní kọ́ọ̀tù lọ́hùn-ún, ni wọ́n bá ní kí n wá ṣe ògbufọ̀. Lọ́yà ní, "Uncle, please, no stories." Màmá náà fa etí mi. "Má fi kún un, má yọ nínú rẹ̀. Mo gbọ́ òyìnbó ju bí o ṣe rò lọ."

Ní àárọ̀ ọjọ́ ẹjọ́, ilẹ̀ ò tíì mọ́ tán níhìn-ín nígbà tí ọjọ́ ti ń rọ̀ lọ́dọ̀ tiwọn. Màmá wọ aṣọ òfì wọn. A jókòó síwájú kọ̀ǹpútà ọmọ mi, Ìyá Mínà jókòó tì wá, ó sorí kọ́. Adájọ́ yọ lójú kọ̀ǹpútà, lọ́yà méjèèjì yọ, ọkọ náà yọ. Ẹnì kan tí a ò retí wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ: ìyá rẹ̀, ó fi etí aṣọ bo orí, ó wò wá bí ẹni ń wo ẹja tó ti rà. Bí Màmá ṣe rí i ni wọ́n na ẹ̀yìn. Èmi rí i, mo mọ̀ pé ará ìta ti dé.

Lọ́yà ọkọ rọra béèrè ọ̀rọ̀. Ohùn rẹ̀ dùn bí oyin.

"Mama, did this lady ever beg you for food?"

"Rárá! Ọlọ́run má jẹ́."

"Did she ever tell you she was hungry?"

"Kò sọ ọ́ rí. Ọmọ tí wọ́n kọ́ ni."

"So she is managing well?"

Màmá kò wo lọ́yà mọ́. Ojú ìyá ọkọ ni wọ́n ń wò. "Àkànní, sọ fún ìyá tó jókòó yẹn pé ìyàwó tí wọ́n fún ọmọ wọn kì í ṣe alágbe. Abọ́ mi ò padà lófìfo rí."

Gbogbo irọ́ tí mo ti pa láyé dìde dúró lẹ́nu mi, wọ́n ń bẹ̀ mí pé kí n lo àwọn. Mo yíjú. Màmá ń wò mí. Mo túmọ̀ rẹ̀ bó ṣe rí. My bowl has never come back empty.

Lọ́yà tiwa fò dìde. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ máa sunkún. "Mama, what was in it? When it came back, what was in it?"

Mo túmọ̀ rẹ̀, mo fi ojú bẹ̀ wọ́n. Màmá tún wo ìyá ọkọ yẹn, ìyá ọkọ náà sì wò wọ́n padà.

"Oúnjẹ," ni Màmá wí.

Nígbà tí a pa kọ̀ǹpútà, ojú wọn ń dán. Wọ́n gbá Ìyá Mínà léjìká, wọ́n kọjú sí mi. "Mo gbèjà rẹ̀ dáadáa, àbí?"

Adájọ́ kò fún un ní nǹkan kan. Ó ní ẹlẹ́rìí obìnrin náà fúnra rẹ̀ ti jẹ́rìí pé kò ṣaláìní; ti ọmọ, òun á tún gbọ́ ọ níwájú. Mo ṣàlàyé rẹ̀ fún Màmá lẹ́ẹ̀kan, mo tún un ṣàlàyé. Wọ́n ń sọ pé, "Kí ni mo sọ tí kì í ṣe òótọ́?" Mo ní kò sí, Màmá. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, Ìyá Mínà fúnra rẹ̀ sọ̀ kalẹ̀. Kò pariwo, kò bínú. Ó na abọ́ olódòdó náà sí Màmá. Ó ti fọ̀ ọ́, ó ti nù ún gbẹ. "Thank you, Mama." Ó gòkè lọ.

Kò sí nǹkan kan nínú abọ́ náà. Màmá wo inú rẹ̀, wọ́n dà á dojú dé, wọ́n wo ìdí rẹ̀, bóyá nǹkan lẹ̀ mọ́ ọn. Wọ́n gbé e sórí firíìjì. "Ó ti dá mi lóhùn," ni wọ́n sọ.

Wọ́n ní kí n bẹ lọ́yà pé àwọn fẹ́ tún jẹ́rìí. Lọ́yà bá wọn béèrè, adájọ́ sì dá ọjọ́ mìíràn, ṣùgbọ́n ọjọ́ náà jìnnà. Ibẹ̀ ni ohun tí gbogbo mọ́ṣáláṣí fi mọ Màmá Ṣakí ti bẹ̀rẹ̀. Àǹtí Sìdí, tó máa ń fi mọ́tò gbé wọn, ló kọ́kọ́ bá a pàdé.

"Màmá, ẹ kú jímọ̀ o! Ṣé àlàáfíà ni?"

"Rárá, Sìdí. Itan ń dùn mí. Mi ò rí oorun sùn, Àkànní ń hanrun bí mọ́tò tó ti jóná. Ọkọ mi lọ sí Kumasi, kò fún mi lówó oúnjẹ rí, èèpo iṣu ni mo ń gún."

"Háà! Màmá! Ọlọ́run má jẹ́!"

"Ó ti jẹ́ ẹ ná! O ò ṣe gbọ́?"

Wọn ò dá ẹnì kan sí. Lemọ́ọ̀mù kí wọn, wọ́n ka gbogbo rẹ̀ fún un. Ọmọ tó ń gbé lẹ́tà wá kí wọn, wọ́n ní, "No fine. No fine at all." Àwọn èèyàn bẹ̀rẹ̀ sí í gba ẹ̀yìn kọjá. Àǹtí Sìdí fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ní bóyá wọ́n ti ń ṣarán. Ara mi ò gbà á. Mo bi Màmá pé kí ló fa gbogbo èyí. Wọ́n ní, "Ẹnu mi ni mò ń kọ́ de adájọ́. Ẹnu arúgbó kì í tètè yí."

Nígbà tó yá, Ìyá Mínà kò rí rent san mọ́. Ìbátan rẹ̀ kan ní Smyrna fún un láyè ní kọ̀rọ̀ pálọ̀. Ní ọjọ́ tí wọ́n ń lọ, Mínà kúnlẹ̀ fún Màmá lórí sìmẹ́ńtì. Màmá tètè fà á dìde.

Ọsibítù kan ní Decatur ni wọ́n kú sí. Nọ́ọ̀sì wọlé, ó bi wọ́n pé ṣé nǹkan ń dùn wọ́n. Mo la ẹnu kí n túmọ̀ rẹ̀, Màmá gbé ọwọ́ sókè, wọ́n dá mi dúró. "It pain me," ni wọ́n wí. "It pain me well well." Wọ́n yíjú sí mi, ojú wọn mọ́lẹ̀ bíi ti ọmọdé tó ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ ọ̀nà ilé. "Ṣé o gbọ́? Mo sọ ọ́. Pe adájọ́."

Ọjọ́ tí adájọ́ dá kò tíì dé rárá.

Nígbà tó dé, mo wa mọ́tò lọ sí Smyrna. A jókòó sórí ibùsùn tí wọ́n tẹ́ sílẹ̀ẹ́lẹ̀, Ìyá Mínà gbé fóònù ti ìgò omi. Lọ́yà sọ fún adájọ́ pé ẹlẹ́rìí ti kú. Adájọ́ bá wa kẹ́dùn. Ó ní ohun tí olóògbé sọ ti wà nílẹ̀, kò sẹ́ni tó lè bá òkú yí i padà. Ó wá ní òun fẹ́ rí ọmọ náà. Ìyá rẹ̀ gbé e síwájú fóònù. Adájọ́ rẹ́rìn-ín músẹ́. Àgbàlagbà ni, irun rẹ̀ funfun bíi tèmi.

"How are you, my child? Do you get enough to eat?"

Mínà wo ojú àgbàlagbà náà dáadáa. Ó kúnlẹ̀, débi pé irun orí rẹ̀ nìkan ló kù lójú fóònù. Ó ní, "A dúpẹ́."

"What language is that? What is she saying?"

Gbogbo wọn wò mí. Èmi tí mo mú kí awakọ̀ òfuurufú dọ̀bálẹ̀, èmi tí mo ṣe ìkómọ fún òkè, mo wá irọ́ kékeré kan péré lẹ́nu mi. Kí n ṣáà ní ọmọ náà sọ pé, "Ebi ń pa mí." Kò gùn jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mo wá a, mi ò rí i. Ojú Màmá wà lára mi.

"It means we thank God, sir."

Lọ́yà wa ké pé, "Sir, that is only how they greet!" Adájọ́ ní ọmọ ti dáhùn. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ, ìyá tó fi aṣọ borí ń mi orí díẹ̀díẹ̀. Ìyá Mínà gbé ọmọ rẹ̀ dìde, ó gbọn eruku orúnkún rẹ̀ nù.

Màmá ní irọ́ mi dùn ṣùgbọ́n kì í yóni. Òótọ́ tí mo sọ lọ́jọ́ yẹn, òun náà kò yó ẹnì kankan ní Smyrna.

Abọ́ olódòdó ṣì wà lórí firíìjì mi. Màmá, bí wọ́n bá gbé oúnjẹ fún yín níbi tí ẹ wà, tí wọ́n sì bi yín bóyá ó tó, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ́kọ́ wo inú abọ́ ná kí ẹ tó dúpẹ́.